Iná Kan Lókè Mápó

Ọdún mẹ́rin ni màámi fi wà nínú kùrukùru kí dókítà tó ṣiṣẹ́ abẹ fún ojú ọ̀tún wọn. Abọ́ ni wọ́n ń tà ní Ọjà'ba: abọ́ tánńganran, ife, àwo pẹrẹsẹ. Tí wọ́n bá fẹ́ mọ èyí tó ti sán, èékánná ni wọ́n fi ń gbá a létí, wọn a wá tẹ́tí gbọ́ bó ṣe ń dún. Ìdí nìyẹn tí àwa ọmọ wọn kò fi tètè mọ̀ pé ojú ti ń lọ. Etí ni wọ́n ti fi ń tajà ọjọ́ pẹ́. Ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ da tíì sínú ife, tí gbogbo rẹ̀ dà sórí tábìlì, lọ̀rọ̀ tó hàn sí wa. Nígbà náà, ohun funfun kan ti bo ẹyin ojú wọn méjèèjì bí èéfín ṣe ń bo gíláàsì àtùpà.

Lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ náà, mo kó ẹrù díẹ̀, mo padà sí ilé bàbá mi ní Àrẹ̀mọ kí n lè máa kán oògùn sí ojú wọn láàárọ̀ àti lálẹ́. Ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àtijọ́ ni, ilé alámọ̀ tí wọ́n fi sìmẹ́ǹtì rẹ́ lára. Fèrèsé iwájú lókè kọjú sí ìwọ̀ oòrùn, tààrà sí òkè Mápó. Ibẹ̀ ni màámi máa ń jókòó sí lẹ́yìn ìrun Mọ̀gàríbì. Gíláàsì dúdú tí wọ́n fún wọn nílé ìwòsàn, inú àpò ló ń wà. Wọ́n ní àwọn ti wà nínú òkùnkùn tó.

Ohun tí wọ́n bá rí ni wọ́n ń dárúkọ, bí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ìwé kíkà. "Ológbò kan ń rìn lórí páànù ilé kejì. Wọ́n ti gbàgbé aṣọ sórí okùn. Ọmọ yẹn wọ bàtà ẹsẹ̀ kan." Èmi náà a máa dáhùn, "Bẹ́ẹ̀ ni, màámi," láìgbé ojú kúrò lórí ìwé àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ tí mò ń máàkì.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, wọ́n béèrè pé, "Ta ló gbé iná yẹn síbẹ̀?"

Mo gbójú sókè. Lókè Mápó, lókè òrùlé gbọ̀ngàn ńlá tó wà níbẹ̀, iná funfun kan wà, ó mọ́ rokoṣo, kò ṣẹ́jú.

"Iná òpó fóònù ni, màámi. Wọ́n máa ń tàn án síbẹ̀ kí bàálù má baà kọlù ú."

"Pupa ni iná òpó fóònù. Òun nìyẹn lápá òsì, mò ń rí i. Funfun ni èyí."

Òótọ́ ni wọ́n sọ. Mo gbé bírò mi sílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ iná yìí kò pẹ́ tó fi tàn ká agboolé. Télọ̀ tó háyà yàrá ìsàlẹ̀ jáde, ó wò ó, ó ní dírónù ni, pé àwọn ológun ló ń fi í ṣọ́ àwọn ajínigbé. Mo bi í pé ṣé dírónù lè dúró sójú kan fún wákàtí méjì. Ó ní ti ìjọba lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ìyàwó àbúrò bàbá mi kò tilẹ̀ fẹ́ ká sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀. Ó ní, "Ẹ yé nàka sí i. Tó bá jẹ́ ohun rere, a máa gbọ́. Tí kò bá jẹ́ ohun rere, kò yẹ kó mọ̀ pé a ti rí òun."

Ọkàn mi kò kúrò níbẹ̀. Lálẹ́ ọjọ́ kejì, mo fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà sára férémù fèrèsé níbi tí iná náà wà nígbà tí mo bá gbé àgbọ̀n ìsàlẹ̀ mi lé ẹ̀yìn àga màámi. Nígbà tí a kírun Ìṣáì tán, ó ti kúrò lórí ìlà náà, ó ti lọ sísàlẹ̀. Nígbà tó fi máa di nǹkan bí aago mẹ́sàn-án àbọ̀, ó ti bọ́ sẹ́yìn òrùlé Mápó. Òpó kì í wọ̀. Dírónù náà ò lè máa wá síbi kan náà lójoojúmọ́ kó sì máa wọ̀ lákòókò kan náà.

Lọ́jọ́ kẹta, bí mo ṣe kúrò níbi iṣẹ́, n kò lọ sílé. Mo gun òkè Mápó. Àwọn ọlọ́jà ti ń di ẹrù wọn, wọ́n ń fi ọ̀rá bo àwọn tó kù. Mo dúró lẹ́bàá ògiri gbọ̀ngàn náà títí iná náà fi yọ. Mo rò pé yóò wà lórí mi gan-an. Iwájú ló wà, lọ́ọ̀ọ́kán, lápá Òkè Padre. Ẹni tó bá rí mi níbẹ̀, obìnrin ẹni ọdún márùn-dín-lọ́gọ́ta tó gbé báàgì ilé ẹ̀kọ́ kọ́ apá, tó ń wòkè, yóò rò pé nǹkan mi ló sọnù.

Mo dá ọ̀kadà kan dúró, mo ní kó gbé mi lọ sí Òkè Padre. Ọ̀gá tíṣà ìṣirò kan tó ti fẹ̀yìn tì ń gbé níbẹ̀. A jọ ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́sàn-án. Ọmọ ìjọ Áńgílíkà ni bàbá náà, ọmọ hẹdimásítà, wọn kì í sọ̀rọ̀ tí wọn ò bá tíì rò ó. Iwájú ilé ni mo bá wọn, wọ́n ń fẹ́ atẹ́gùn.

"Ẹ káalẹ́, sà. Mo ń lé iná kan bọ̀."

Wọ́n wo ibi tí mo nàka sí. "Màdáàmù, ibo lẹ ti ń lé e bọ̀?"

"Láti Àrẹ̀mọ, sà."

"Tí ẹ bá lé e dé Abẹ́òkúta, iwájú yín náà ló máa wà." Wọ́n fà mí ní àga. "Fínọ́ọ̀sì ni. Pílánẹ́ẹ̀tì."

Ojú tì mí débi pé n kò lè jókòó. Ọdún mẹ́tàlélógún ni mo ti fi ń kọ́ àwọn ọmọ ní jọ́gíráfì. Lọ́dọọdún ni mo ń ya oòrùn sí àárín pátákó, tí mo ń ya àwọn pílánẹ́ẹ̀tì yí i ká, tí mo sì ń kọ Fínọ́ọ̀sì sẹ́gbẹ̀ẹ́ èyí tó ṣìkejì. Tí ọmọ kan ò bá lè tò wọ́n bó ṣe yẹ, mo ń gé máàkì rẹ̀. Síbẹ̀, n kò gbé ojú sókè wò ó rí. Mo mọ̀ ọ́n lórí pátákó, mi ò mọ̀ ọ́n lójú.

Mo délé, mo sọ fún màámi pé pílánẹ́ẹ̀tì ni. Wọ́n bi mí pé kí ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Mo ní ó dà bí ayé yìí, òun náà ń yí oòrùn ká. Wọ́n ní, "Mo gbọ́," bí ẹni tó gba abọ́ lọ́wọ́ ẹni tó kó ọjà wá, ṣùgbọ́n tí kò tíì fi èékánná gbá a.

Lọ́jọ́ mélòó kan lẹ́yìn ìyẹn, wọ́n ń wá oṣù Ràmàdáánì. Gbogbo agboolé dúró síta, wọ́n kọjú sí ìwọ̀ oòrùn. Màámi wà lójú fèrèsé. Àwọn ni wọ́n kọ́kọ́ rí i. Oṣù náà tẹ́ẹ́rẹ́ lókè òrùlé, ó fẹ́ wọ̀ tán, àwa tá a wà nísàlẹ̀ ṣì ń jà nípa ibi tó yẹ ká wò. Wọn ò pariwo. Wọ́n kàn ní, "Ó ti lé," wọ́n sì fi etí aṣọ nu ojú tó ṣẹ̀ṣẹ̀ là náà.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì, lẹ́yìn tí a ṣínu, oṣù ti gòkè díẹ̀. Ó ti dé ẹ̀gbẹ́ iná wa. Àwọn méjèèjì wà lójú ọ̀run bí ẹni pé wọ́n jọ ń bọ̀ láti ibì kan. Màámi na ọwọ́ sí mi kí n dákẹ́, bẹ́ẹ̀ n kò sọ̀rọ̀.

"Àgùàlà nìyẹn."

"Kí lẹ wí, màámi?"

"Àgùàlà. Ṣé o ò gbọ́ ọ rí ni? Àgùàlà ń bá oṣù rìn, wọ́n ṣe bí ajá rẹ̀ ni."

Mo gbọ́ ọ rí dáadáa. Èmi fúnra mi ti pa òwe yẹn fún ọkùnrin kan ní ibi iṣẹ́ mi àtijọ́, tí a jọ wà ní ipò kan náà, tó ń júwe mi fún àlejò pé èmi lẹni tó ń ran òun lọ́wọ́. Àwọn tíṣà tó kù rẹ́rìn-ín, inú mi dùn sí ara mi. Ṣùgbọ́n ká ní ẹnì kan bi mí lọ́jọ́ yẹn pé kí ni àgùàlà, ǹ bá sọ pé ẹyẹ kan ni.

"Kí ló dé tí ẹ ò fi dá a mọ̀ látọjọ́ yìí?"

"Mi ò rí i pẹ̀lú oṣù. Ojú tí mo fi mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀, kékeré ló ń rí níbẹ̀. Èyí tí wọ́n ṣe fún mi yìí sọ ọ́ di ńlá." Wọ́n rò ó díẹ̀. "Mo rò pé wọ́n ti pààrọ̀ ọ̀run ni."

Mo pe bàbá Òkè Padre lórí fóònù, mo sọ orúkọ náà fún wọn. Wọ́n ní kí n tún un pè. Wọ́n ní ìràwọ̀ alẹ́ àti ìràwọ̀ owúrọ̀ nìkan làwọn ń gbọ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Lọ́jọ́ Sátidé, wọ́n wá kí màámi kú ewu ojú. Wọ́n mú awò olójú méjì kan dání, irú èyí tí wọ́n fi ń wo ohun tó jìn. Bàbá wọn ló fi í ń wo ẹyẹ nígbà ayé wọn. Wọ́n ní ká tètè wo àgùàlà kí ilẹ̀ tó ṣú tán, torí pé tí ilẹ̀ bá ti ṣú, títàn rẹ̀ á pọ̀ jù.

Mo gbé ìrọ̀rí lé ojú fèrèsé, mo gbé awò náà lé e kó má baà máa gbọ̀n. Màámi fi ọwọ́ bo ojú òsì tí wọn ò tíì ṣe, wọ́n fi èyí tó là wò ó. Ó pẹ́ kí wọ́n tó rí i. Bàbá náà rọra ń yí ibi tí wọ́n fi ń mú kí ohun tí à ń wò hàn kedere.

"Dúró. Oṣù ni."

Mo ní, "Rárá, màámi. Oṣù ti lọ sókè. Àgùàlà lẹ ń wò."

"Mo mọ ohun tí mò ń wò. Oṣù kékeré kan ni. Ó tẹ̀ bí èékánná tí wọ́n gé."

Mo gbà á, mo wò ó. Bó ṣe rí nìyẹn. Ohun tó mọ́ rokoṣo lójú lásán, inú awò náà, ó tẹ̀, ó sì tẹ́ẹ́rẹ́, ó ní ìwo méjì. Bàbá náà ṣàlàyé pé kò ní iná tirẹ̀, oòrùn ló ń tàn sí i lára. Nígbà tó bá ń bọ̀ wá sáàárín àwa àti oòrùn, ẹ̀yìn rẹ̀ tó ṣókùnkùn ló ń kọ sí wa, etí rẹ̀ nìkan là ń rí. Wọ́n ní láìpẹ́ yóò tún tẹ́ẹ́rẹ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Télọ̀ gòkè wá, ó wò ó, ó dá awò náà padà fún mi, kò sọ nǹkan kan nípa dírónù.

Bàbá náà fi awò sílẹ̀ fún wa. Láti ọjọ́ yẹn, àwọn ará ilé a máa gòkè wá wò lẹ́yìn ìṣínu. Ní alẹ́ ọjọ́ kan, ìyàwó àbúrò bàbá mi ló wà lójú fèrèsé nígbà tó ki apá mi mọ́lẹ̀. Iná mìíràn ń bọ̀ láti ìsàlẹ̀ ọ̀run, kì í ṣe ẹyọ kan. Ó tó ogún, wọ́n tò tẹ̀lé ara wọn bí ìlẹ̀kẹ̀ nínú okùn, wọ́n ń rìn, wọn ò dún. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ka àdúrà lábẹ́ ètè. Àwọn kan ní ojúde ń sáré wọlé.

Màámi béèrè pé, "Ṣé àgùàlà ti bímọ ni?"

N kò mọ̀ ọ́n. Mo sọ fún wọn pé n kò mọ̀ ọ́n, mo sì pe bàbá Òkè Padre níbẹ̀ kí gbogbo wọn máa gbọ́. Wọ́n ní àwọn náà dúró síta, àwọn ń wò ó. Ẹ̀rọ ni wọ́n. Ilé-iṣẹ́ kan lókè òkun ló ń jù wọ́n sókè fún íńtánẹ́ẹ̀tì, wọ́n sì máa ń tò bẹ́ẹ̀ kí wọ́n tó fọ́n ká. Kí wọ́n tó sọ̀rọ̀ tán, iná àkọ́kọ́ ti kú lójú ọ̀run, ìkejì tẹ̀lé e, bí ẹni pé wọ́n ń wọ yàrá kan lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìyàwó àbúrò bàbá mi tu apá mi sílẹ̀. Àmì ìka rẹ̀ wà níbẹ̀ di ọjọ́ kejì.

Àgùàlà ń lọ sísàlẹ̀ lójoojúmọ́. Kò dúró pẹ́ mọ́ lẹ́yìn tí oòrùn bá wọ̀. Iṣẹ́ ìdánwò wá pọ̀ lọ́wọ́ mi, mi ò tètè ń délé. Tí mo bá dé, màá bi màámi pé ṣé wọ́n rí i, wọn a ní, "Mo rí i." Wọn kò dárúkọ nǹkan mọ́ bíi ti tẹ́lẹ̀. Mo rò pé ààwẹ̀ tí ilé ń gbà ló mú wọn dákẹ́.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan tí mo tètè dé, mo jókòó tì wọ́n. Oòrùn wọ̀. Mo wo òkè Mápó títí, mi ò rí nǹkan kan.

"Ṣé ẹ ti rí i, màámi?"

"Ó wà níbẹ̀."

Mo tún wò. Mo gbé awò sójú. "Màámi, kò sí nǹkan kan níbẹ̀."

Mo yíjú sí wọn, mo rí i pé ọwọ́ wọn tó wà lórí itan ń gbọ̀n.

"Ìwọ náà ò rí i?"

"Mi ò rí i."

"Ọjọ́ kẹrin rèé tí mi ò ti rí i," ni wọ́n wí. "Mo rò pé ojú ti ń padà síbi tó ti wá. Mo ti ń ka páànù ilé kejì láràárọ̀ kí n lè mọ iye tí mo ṣì ń rí."

Mo di ọwọ́ wọn mú. Ọjọ́ mẹ́rin ni wọ́n fi gbé ẹ̀rù yẹn lọ́kàn, tí èmi kàn ń béèrè nǹkan tí mo sì ń kọjá lọ. Mo ní, "Àgùàlà ló lọ, màámi. Ojú yín wà níbẹ̀." Wọ́n mí kanlẹ̀. Wọ́n wá béèrè pé, "Ibo ló lọ?"

Bàbá Òkè Padre ní ó ti dé àárín àwa àti oòrùn, ìmọ́lẹ̀ oòrùn ló bò ó. Wọ́n ní ká ní sùúrù. Ọdún ìtúnu ààwẹ̀ kọjá. Láàárọ̀ kùtù ọjọ́ kan, bí mo ṣe kírun Àsùbáà tán, fóònù dún.

"Màdáàmù, iná yín wà lórí Mápó."

Mo sáré lọ sójú fèrèsé. "Kò sí níbẹ̀ o, sà. Ibẹ̀ ni mo dúró sí báyìí."

"Òkè Padre lèmi wà. Lọ́dọ̀ tèmi, ìlà oòrùn ni Mápó wà. Ẹ lọ sí ẹ̀yìnkùlé yín."

Ẹ̀yìnkùlé wa kò gba ìríran. Òrùlé ti òrùlé ni. Fèrèsé kan ṣoṣo ló kọjú sí ìlà oòrùn lókè, inú yàrá tí a ń kó ẹrù sí ló wà, kò sì ṣí láti ìgbà tí bàbá mi ti kú. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn, èmi àti télọ̀ kó àpótí àti àga tó ti ṣẹ́ kúrò níwájú rẹ̀, a fi òòlù lu ìlẹ̀kùn rẹ̀ títí ó fi gbà.

Lówúrọ̀ ọjọ́ kejì, mo mú màámi lọ síbẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ ti ń yọ díẹ̀díẹ̀ lápá ìsàlẹ̀ ọ̀run. Iná funfun kan wà lókè àwọn òrùlé, ó mọ́ rokoṣo, kò ṣẹ́jú.

Wọ́n wò ó. "Èyí kọ́. Tiwa, alẹ́ ló máa ń yọ."

"Wọ́n ní òun kan náà ni, màámi."

"Ta ló rí i nígbà tó ń kọjá?"

Ìwé ló sọ fún mi, bàbá Òkè Padre náà sì sọ ọ́, ṣùgbọ́n nínú gbogbo wa, kò sẹ́ni tó rí i nígbà tó ń kọjá. Mo gbé awò fún wọn. Wọ́n bo ojú òsì, wọ́n wò ó pẹ́ gan-an.

"Ó tẹ̀ bí èékánná," ni wọ́n wí. Wọ́n gbé awò náà kúrò lójú, wọ́n gbé e lé itan. "Oṣù, àárọ̀ ló máa ń gbó sí, alẹ́ ló máa ń lé sí. Èyí gbó lálẹ́, ó wá lé lówúrọ̀." Wọ́n mi orí. "Òun náà ni."

Mi ò tíì rí ìwé kan tó sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Ọ̀sẹ̀ yẹn náà ni mo gbé e lọ sí kíláàsì bí màámi ṣe sọ ọ́, mo ní kí àwọn ọmọ lọ wo ìlà oòrùn lẹ́yìn Àsùbáà. Nínú àwọn ogójì, mọ́kànlá ló rí i. Ọmọbìnrin kan láti Bẹẹrẹ bi mí pé kí ló dé tí àgùàlà kì í fi í wà ní àárín ọ̀run láàárín òru bí àwọn ìràwọ̀ tó kù. Mo ní kó jókòó, kí a jọ rò ó.

Àmọ́ láàárọ̀ tí mò ń sọ yìí, a ò tíì kúrò lójú fèrèsé. Ìmọ́lẹ̀ ń gòkè, àwọn ìràwọ̀ kéékèèké ti lọ, àgùàlà náà ń ṣá lọ. Àwọn ará ilé ti jí, mo gbọ́ tí wọ́n ń fa omi nísàlẹ̀. Mo nu gíláàsì ojú mi, mo tún wò, mi ò rí i mọ́.

"Ó ti lọ, màámi. Ẹ jẹ́ ká sọ̀kalẹ̀."

"Ó ṣì wà níbẹ̀."

Mo wo ojú wọn. Ọwọ́ wọn kò gbọ̀n. Wọ́n nàka sí àlàfo tó wà láàárín òrùlé méjì, níbi tí èmi ò ti rí nǹkan kan ju ọ̀run tó mọ́ lọ. Mo fi wọ́n sílẹ̀ síbẹ̀, mo lọ gbé omi tíì kaná.